Ìlà Gẹdú Lórí Àpáta Bàbá Mi

Ẹ má tíì bú mi o. Ẹ jẹ́ kí n sọ ọ́ tán ná. Mo ti lé ní àádọ́rin ọdún, mo ti fẹ̀yìn tì nídìí iṣẹ́ tíṣà, mo ti sin ọkọ, mo ti ní ọmọ-ọmọ lọ́dọ̀ àwọn ọmọkùnrin mi, kò sì sí ẹni tó lè rò pé irú mi lè jókòó síwájú fóònù kí ó máa fi ìlara kọ̀wé... ṣùgbọ́n ìlara ni. Mo ti ń jowú obìnrin kan láti ìgbà tí irun orí wa ṣì dúdú, mo sì fi owú yẹn ṣe nǹkan kan lóṣù yìí tí n kò mọ bí n ó ṣe tún un ṣe. Ẹ̀yin tí ẹ máa ń dá àwọn ọmọdé lóhùn lójú-ìwé yìí nípa ọkọ àti àlè, ẹ jọ̀ọ́, lónìí, ẹ dá ìyá àgbà kan lóhùn.

Obìnrin náà, Ìyàwó ni mò ń pè é. Àbúrò ọkọ mi ló fẹ́ ẹ. Èmi ni mo kọ́kọ́ wọ ilé yẹn, nítorí náà bí òun náà tilẹ̀ ti darúgbó, tí ó ń fi ọ̀pá rìn láàárọ̀ kí orúnkún rẹ̀ tó gbà á láyè, Ìyàwó ló ṣì ń jẹ́ lẹ́nu mi, èmi sì ni ìyáálé rẹ̀. Inú ọgbà kan náà la ń gbé ní Arámọkọ, ògiri kan ló là wá. Àwọn ọkọ wa ti lọ, ó ku àwa méjèèjì. Kò bímọ. Ẹ fi ìyẹn sọ́kàn, mo ń padà bọ̀ níbẹ̀.

Tíṣà jìọ́gíráfì ni mí. Tíṣà jìọ́gíráfì lòun náà, ṣùgbọ́n ta ló kọ́ ọ? Nígbà tí wọ́n gbé e wá sí ilé-ìwé tí mo wà, kò lè ya máàpù Nàìjíríà láìwo ìwé. Èmi ni mo fà á lọ́wọ́. Mo mú òun àti kíláàsì mi lọ sí oko bàbá mi ní Ẹ̀rìjìyàn láti lọ fi bí yìnyín ṣe ń fa ìlà sára òkúta hàn wọ́n. Ẹ̀ ń rẹ́rìn-ín? Ẹ ní yìnyín ní Ẹ̀rìjìyàn kẹ̀? Ẹ gbọ́ ná. Nígbà tí mo wà lọ́mọdé, àwọn agégẹdú máa ń wọ́ ìtì igi kọjá lórí àpáta kan lẹ́bàá ọ̀nà oko kòkó bàbá mi. Òkúta wẹ́wẹ́ á há sábẹ́ igi náà, bí wọ́n sì ṣe ń wọ́ ọ lọ, òkúta wẹ́wẹ́ yẹn á máa ha àpáta. Ìlà náà wà níbẹ̀ títí dòní, ó gùn, ó tọ́, gbogbo rẹ̀ kọjú síbì kan náà bí ìgbà tí èèyàn fi òòyà ya irun. Bẹ́ẹ̀ gẹ́lẹ́ ni yìnyín ńlá ṣe ń ṣe ní ìpẹ̀kun ayé. Kì í dúró sójú kan. Ó ń wọ́ lọ díẹ̀díẹ̀ tòun ti òkúta tó há sí i nínú, ó sì ń kọ ọ̀nà tó gbà sára àpáta tó wà nísàlẹ̀ rẹ̀. N kò kà á nínú ìwé kankan. Èmi ni mo fi orí ara mi rò ó. Ọmọ tí kò rí yìnyín rí láyé ju èyí tó ń bá òjò rọ̀ lọ, á ki ìka bọ inú ìlà yẹn, ojú rẹ̀ á là kedere.

Ìyàwó kọ́ ọ lọ́wọ́ mi, ó sì ń fi kọ́ àwọn ọmọ. Nígbà tó yá, òun ni wọ́n fi ṣe igbákejì ọ̀gá ilé-ìwé, lẹ́yìn náà wọ́n fi ṣe ọ̀gá pátápátá, èmi tí mo ṣáájú rẹ̀ débẹ̀ sì wà níbi tí mo wà. Wọ́n ní mo le jù. Wọ́n ní ẹnu mi mú. Lọ́jọ́ tí wọ́n ń ṣe ayẹyẹ ìfẹ̀yìntì rẹ̀, ó dìde níwájú gbogbo èèyàn, ó wá kúnlẹ̀ síwájú mi, ó ní ìyáálé òun tó kọ́ òun níṣẹ́ nìyí... gbogbo gbọ̀ngàn pàtẹ́wọ́. Fún ta ni? Fún ìrẹ̀lẹ̀ rẹ̀! Èmi tí wọ́n kúnlẹ̀ fún, kò sẹ́ni tó wo ojú mi. Ṣé ẹ ti rí irú ẹ̀ rí, kí wọ́n fi ìkúnlẹ̀ gba nǹkan lọ́wọ́ yín?

Ṣùgbọ́n èyí tó dùn mí jù ni ti ọmọ mi obìnrin. Ọ̀kan ṣoṣo tí mo bí lóbìnrin. Ó ti ń ta gẹ̀gẹ̀ rìn kí Ìyàwó tó wọ ilé wa, ẹ sì mọ àṣà: obìnrin kì í pe ọmọ tó bá nílé ọkọ lórúkọ, ìbáà ṣe ọmọ ọwọ́. Ìyàwó wo ẹnu ọmọ náà nígbà tó rẹ́rìn-ín, ó sọ ọ́ ní Eyínfúnjowó. Nínú gbogbo ọgbà wa, òun nìkan ló ń pè é bẹ́ẹ̀. Èmi tí mo bí i, orúkọ tí a fún un ní ṣọ́ọ̀ṣì ni mò ń pè. Ọmọ náà lẹ̀ mọ́ ọn bí èèmọ́ ṣe ń lẹ̀ mọ́ aṣọ. Màmá Kékeré ló ń pè é. Ọ̀dọ̀ rẹ̀ ló ń jẹun, ẹ̀yìn rẹ̀ ló ń sùn sí. Lọ́jọ́ kan tí mo lọ mú un, tó kígbe pé òun ò lọ, mo sọ gbólóhùn kan fún Ìyàwó lójú ara rẹ̀. Mo ní ẹni tí kò ní tirẹ̀ ló máa ń gbé ti ẹlòmíràn pọ̀n. Ó tú ọ̀já, ó sọ ọmọ kalẹ̀, ó gbé e fún mi.

Nígbà tí ọmọ náà fẹ́ wọ yunifásítì, ó ní ẹ̀kọ́ nípa òkúta àti ilẹ̀ lòun fẹ́ kà, Ìyàwó sì ń tì í lẹ́yìn. Mo ní láéláé, iṣẹ́ nọ́ọ̀sì ni yóò ṣe. Ó ṣe é. Ṣé mo jẹ̀bi? Kánádà ló wà báyìí, ó lọ́kọ tó dáa, iṣẹ́ rẹ̀ dúró. Wọn ò tíì bímọ, a kì í sì í sọ ọ̀rọ̀ yẹn. Lọ́jọọjọ́ Ìsinmi, á pè mí, á béèrè bóyá mo ti lo oògùn ẹ̀jẹ̀ ríru mi, màá ní mo ti lò ó, ó parí. Tó bá ṣe díẹ̀, màá gbọ́ kí fóònù dún lódìkejì ògiri... ẹ̀rín ló kù. Ẹ̀rín, ẹ̀rín, títí omi tí mo gbé kaná á fi gbẹ. Kí ni wọ́n ń fi rẹ́rìn-ín? Kí ni ọmọ mi lè sọ fún un tí kò lè sọ fún mi?

Ó dáa. Lẹ́yìn tí mo fẹ̀yìn tì, akẹ́kọ̀ọ́ mi àtijọ́ kan fi ìwé ìmọ̀ kan hàn mí lórí íńtánẹ́ẹ̀tì, irú ìwé ńlá tó ń ṣàlàyé gbogbo ohun tó wà láyé, tí àwọn afínnúfíndọ̀ ń kọ ní Yorùbá. Ẹnikẹ́ni lè kọ, orúkọ tó bá wù ú ló máa fi wọlé. Ṣùgbọ́n kí wọ́n tó fi àmì ẹ̀yẹ sára àròkọ kan, akẹgbẹ́ gbọ́dọ̀ yẹ̀ ẹ́ wò ní gbangba. Á sọ ibi tó kù díẹ̀ káàtó, ẹni tó kọ ọ́ á tún un ṣe, wọn á jọ máa ṣe é títí yóò fi dára. Òfin kan ló wà níbẹ̀ tó ga ju àwọn yòókù lọ: iṣẹ́ ni kí ẹ yẹ̀ wò, ẹ má yẹ òǹkọ̀wé wò. Orúkọ tí kì í ṣe tèmi ni mo fi wọlé, wọ́n sì fi mí sídìí jìọ́gíráfì. Inú mi dùn, n kò ní purọ́. Mo tún rí nǹkan máàkì. Kò sẹ́ni tó mọ̀ nílé wa, n kò sì sọ fún ẹnì kankan, torí mo fẹ́ ní ohun kan tí Ìyàwó kò ní bá mi dé ibẹ̀.

Níbẹ̀rẹ̀ oṣù yìí, ẹnì kan gbé àròkọ wá fún àyẹ̀wò lórí òkúta àti ilẹ̀ tó wà lábẹ́ yìnyín ní ìpẹ̀kun ayé níhà gúúsù. Ó gùn, ó já gaara. Ó ṣàlàyé pé òkè ńláńlá wà nísàlẹ̀ yìnyín ọ̀hún tí oòrùn kò kàn mọ́. Ó ní wọ́n rí àmì ewé nínú òkúta ibẹ̀, èyí tó fi hàn pé igbó ni níjọ́ kan. Ó ní ilẹ̀ yẹn àti ilẹ̀ Áfíríkà jẹ́ ojúlé kan náà rí, kí wọ́n tó pín, kí oníkálukú tó bá tirẹ̀ lọ. Mò ń kà á, orí mi ń wú. Mo ní ta lọmọ yìí? Ta ló bí irú èyí? Àfi ìgbà tí mo dé ìpínrọ̀ tó sọ nípa ìlà ara àpáta... Ó ní bí èèyàn bá fẹ́ mọ bó ṣe rí, kó lọ sí oko kan ní ìwọ̀-oòrùn Èkìtì níbi tí gẹdú tí wọ́n wọ́ kọjá ti fa irú rẹ̀ sára òkúta. Mo gbé ojú sókè wo orúkọ tí òǹkọ̀wé fi wọlé. Eyínfúnjowó.

Kí lẹ rò pé mo rò? Ẹnu ta ni orúkọ yẹn ti ń jáde? Ta ni mo mú lọ sídìí àpáta yẹn? Mo yọjú lójú fèrèsé, mo rí Ìyàwó lábẹ́ igi ọsàn, ó tẹrí ba sórí fóònù, ó ń rẹ́rìn-ín músẹ́. Mo ní ó parí! Ó gba ipò, ó gba ọmọ, ó wá ku ohun kan ṣoṣo tó jẹ́ tèmi láyé, ó tún ti gbé e, orúkọ tó fi gba ọmọ mi ló sì fi bojú!

Mo bọ́ sí i lára. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má rò pé irọ́ ni mo pa mọ́ ọn, mo mọ iṣẹ́ mi jù bẹ́ẹ̀ lọ. Mo ní kó wá ẹ̀rí fún gbólóhùn kọ̀ọ̀kan. Ó wá a. Mo ní àlàyé rẹ̀ gùn jù, ó gé e kúrú. Mo ní ó ti kúrú jù báyìí. Ó tún un kọ. Gbogbo ìgbà ló ń dáhùn pé, ẹ ṣé gan-an, ẹ̀yin àgbà, mo ti tún un ṣe. Ìdáhùn yẹn ń gún mi bí abẹ́rẹ́. Mo ní ìkúnlẹ̀ ọjọ́sí náà nìyí! Àṣìṣe gidi kan tilẹ̀ wà nínú àròkọ náà. Ó ní iná abẹ́ ilẹ̀ tó ń tú jáde lórí àwọn òkè kan lọ́hùn-ún, irú rẹ̀ ló ń mú omi Ìkògòsì wa gbóná. Kò rí bẹ́ẹ̀. Kò sí òkè oníná kankan lábẹ́ Ìkògòsì, bí omi náà ṣe jìn wọlẹ̀ tó ló mú un gbóná. Mo rí i lọ́jọ́ àkọ́kọ́, n kò sọ. Mo fi í pamọ́ kó lè jẹ́ òkò tí màá sọ kẹ́yìn.

Nígbà tí n kò rí ohun tí màá tún rí sí mọ́, mo kọ ọ́ síbẹ̀ ní gbangba pé àkàwé gẹdú yẹn, jíjí ni, pé olùkọ́ kan ló ni ín, mo sì mọ olùkọ́ náà. Mo wá fi gbólóhùn kan dé e lórí... ẹni tí kò ní tirẹ̀ ló máa ń gbé ti ẹlòmíràn pọ̀n. Mo mọ ohun tí mò ń ṣe. Mo fẹ́ kó dun obìnrin tó wà lábẹ́ igi ọsàn. Mo fẹ́ kó mọ̀ pé èmi ni, kó má sì lè sọ pé èmi ni.

Láti ọjọ́ yẹn, òǹkọ̀wé náà kò fèsì mọ́. Àwọn alábòójútó ojú-òpó náà ló kọ̀wé sí mi. Wọ́n ní ẹ̀sùn olè kì í ṣe ọ̀rọ̀ eré, kí n mú ẹ̀rí wá kó tó di ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ Ìsinmi, tàbí kí n fà á padà. Tó bá jẹ́ òótọ́, wọn á yọ àròkọ náà dànù, wọn á sì lé ẹni tó kọ ọ́ kúrò. Ẹ̀rí kẹ̀? Mo ti ń pe àwọn akẹ́kọ̀ọ́ mi àtijọ́ tó mọ àpáta náà pé kí wọ́n wá jẹ́rìí. Inú mi dùn, ẹ gbọ́. Mo tilẹ̀ ń kọrin ní ilé ìdáná.

Lánàá, lẹ́yìn ìpàdé àwọn ìyá ní ṣọ́ọ̀ṣì, Ìyàwó kanlẹ̀kùn mi. Ó gbé àgbàdo sísè lọ́wọ́, ojú rẹ̀ pọ́n.

“Ẹ kú ulé o, ìyáálé mi.”

“Ìyàwó. Ṣé gíláàsì ojú rẹ lo tún ń wá? Orí rẹ ló wà o.”

Kò rẹ́rìn-ín. Ó jókòó. “Ọ̀rọ̀ Eyínfúnjowó ni. Ẹnì kan ń fojú ọmọ wa gbolẹ̀ lórí íńtánẹ́ẹ̀tì.”

Mo ní ọmọ wa wo? Ó ní Eyínfúnjowó mélòó la ní? Ẹ̀yin èèyàn mi, ọmọ mi ni mo ti ń sọ òkò lù! Ó ní ọmọ náà ti ń kọ nǹkan kan lórí òkúta láti ìgbà pípẹ́, tó bá ti dé láti ọsibítù, á jókòó tì í. Ó ní wọ́n ti jọ ń rẹ́rìn-ín lórí rẹ̀ lọ́jọọjọ́ Ìsinmi, bí ọmọ náà ṣe ń wá ọ̀rọ̀ Yorùbá tí kò rí. Ó ní kò yẹ kí òun sọ fún mi o, torí ọmọ náà ti bẹ òun. Ó fẹ́ kí wọ́n kọ́kọ́ fi àmì ẹ̀yẹ sí i lára, lẹ́yìn náà ni yóò tẹ̀ ẹ́ sórí pépà, tí yóò mú un wá fún mi nígbà Kérésì. Mo ní kí ló dé tí kò fi kọ́kọ́ fi hàn mí? Ìyàwó wo ilẹ̀. Ó ní, “Ó ní kò sí ohun tí òun kọ tí ẹ gbà rí kí ẹ má fa bíírò pupa sí i. Ó ní èyí, òun fẹ́ kó ti pegedé kó tó dé ọwọ́ yín.”

Mo ní àpáta yẹn ńkọ́, ta ló sọ fún un? Mo rò pé ó máa ní òun ni. Ó ní èmi ni. Ó ní ọmọ náà sọ pé Sátidé kan ni, pé mo mú òun nìkan lọ sóko bàbá mi, mo mú ìka òun, mo sì fà á láti òkè ìlà náà dé ìsàlẹ̀. Ọmọ náà ní Màmá òun á ti gbàgbé. Ó ní ọjọ́ yẹn ni òun rántí jù nínú gbogbo ọjọ́ tí mo di òun lọ́wọ́ mú, torí n kò bínú lọ́jọ́ náà... Mo ti gbàgbé lóòótọ́. Títí di àkókò tí mò ń kọ èyí, mò ń wá ọjọ́ yẹn nínú orí mi, n kò rí i.

Ìyàwó ń bá ọ̀rọ̀ rẹ̀ lọ. Ó ní gbogbo bí oníwàhálà yẹn ṣe ń dààmú ọmọ náà, kò ká a lára, ó ní ó tilẹ̀ ń kọ́ nǹkan níbẹ̀. Gbólóhùn kan ló pa á. Ó kà á fún òun lórí fóònù, ó sì bú sẹ́kún, ó ń béèrè pé, Màmá Kékeré, báwo ni wọ́n ṣe mọ̀ pé mi ò bímọ?

Mo mú àgbàdo kan, n kò lè jẹ ẹ́. Ìyàwó wò mí. “Gbólóhùn yẹn, ìyáálé mi, ó jọ pé mo ti gbọ́ ọ rí.” Ó já hóró àgbàdo kan sẹ́nu, ó jẹ ẹ́ tán. “Ṣùgbọ́n ẹnu pọ̀ láyé. Ẹ̀yin lẹ mọ jìọ́gíráfì jù mí lọ. Ẹ bá mi wọ ibẹ̀, ẹ gbèjà ọmọ yín.” Ó fi ọ̀pá rẹ̀ dìde, ó kí mi pé ó dàárọ̀, ó jáde.

Ṣé ó mọ̀? Ohun tí kò jẹ́ kí n fojú kan oúnjẹ nìyẹn. Tó bá mọ̀, ṣé ilẹ̀kùn ló ṣí fún mi ni àbí ó tún kúnlẹ̀ fún mi ni, kó tún lè jẹ́ òun ló dáa jù mí lọ? Ẹ wò ó, mo ní kí n jẹ́wọ́, n ó jẹ́wọ́ dé ìdí. Nígbà tó ní ọmọ mi sunkún, kì í ṣe àánú ló kọ́kọ́ sọ sí mi lọ́kàn. Ohun tó kọ́kọ́ sọ sí mi lọ́kàn ni pé, kí ló dé tó fi jẹ́ òun ló sunkún sí létí? Irú ìyá wo nìyẹn?

Tí mo bá fa ẹ̀sùn náà padà jẹ́ẹ́, àròkọ á bọ́, ọmọ á mú un wá nígbà Kérésì, màá sì jókòó máa ṣe bí ẹni tí kò rí i rí. Ṣé mo lè ṣe é? Ìyàwó á jókòó níbẹ̀, á máa wò mí. Tí mo bá sọ fún ọmọ náà pé èmi ni, ṣé yóò tún pè mí mọ́? Ọ̀rọ̀ Ìkògòsì yẹn ńkọ́? Àṣìṣe ni, kò yẹ kó kọjá bẹ́ẹ̀, ó sì ti kọ ọ́ fún gbogbo ayé láti kà. Ta ni yóò sọ fún un tí kò ní dà bíi bíírò pupa? Ṣé kí n tọ Ìyàwó lọ, kí n bẹ̀ ẹ́, èmi, kí n bẹ Ìyàwó?

Ẹ dáhùn kíákíá, ẹ jọ̀ọ́. Ọ̀la ni ọjọ́ Ìsinmi. Lẹ́yìn ṣọ́ọ̀ṣì, kó tó pe òdìkejì ògiri, èmi ni yóò kọ́kọ́ pè. Á béèrè bóyá mo ti lo oògùn mi. Kí ni kí n sọ fún un?